Bàbá Sàlá, Àbúrò Mi àti Eré Tí Kò Lórí Kò Nídìí

Ẹni tó bá mọ Bàbá Sàlá dáadáa yóò rántí aago. Aago ńlá tó yẹ kí a gbé kọ́ sára ògiri ni ọkùnrin náà máa ń so mọ́ra bí ẹni so ohun ọ̀ṣọ́. Yóò wọ ṣòkòtò tó ga ju kókósẹ̀ lọ, yóò fi táì tó fẹ̀ bí ìyẹ́ ẹyẹ dí ọrùn, yóò wá gbé férémù awò ojú tí kò ní gíláàsì nínú ka imú. Bí ó bá ti wọlé báyìí, òun fúnra rẹ̀ kì í rẹ́rìn-ín. Ojú rẹ̀ á le bí ojú adájọ́. Àwọn òǹwòran ni yóò máa rẹ́rìn-ín títí omi á fi máa bọ́ lójú wọn.

Orúkọ rẹ̀ gan-an ni Moses Ọláìyá Adéjùmọ̀. Ọmọ Iléṣà ni, ọdún 1936 ni wọ́n bí i, ọjọ́ 7 oṣù kẹwàá ọdún 2018 ni ó sì papò dà. Ọ̀pọ̀ nínú àwa ọ̀dọ́ òde òní kò bá a lórí ìtàgé. Àwọn òbí wa ni wọ́n ń sọ ìtàn rẹ̀ fún wa, tàbí kí a bá àjákù eré rẹ̀ pàdé lórí YouTube. Aláwàdà ni a ń pè é, a ó sì rẹ́rìn-ín kọjá. Ṣùgbọ́n lọ́dún yìí, ọ̀rọ̀ kan ṣẹlẹ̀ nínú ilé wa tó mú kí n padà lọ wo ìgbésí ayé ọkùnrin yìí bí ẹni ń yẹ ìwé ìṣirò owó wò. Mo fẹ́ mọ bí ó ṣe jẹun, mo sì fẹ́ mọ ohun tó gba oúnjẹ náà lẹ́nu rẹ̀.

Fíìmù ìṣẹ́jú 11

Àbúrò mi ọkùnrin ń kẹ́kọ̀ọ́ nípa eré oníṣe ní Yunifásítì Ọlábísí Ọnàbánjọ, Agó-Ìwòyè, níbi tí èmi náà ti kẹ́kọ̀ọ́ gboyè nínú ìmọ̀ Yorùbá. Ìjẹ̀bú-Igbó ni ilé wa, nítorí náà ó ṣọ̀wọ́n kí ọ̀sẹ̀ méjì kọjá kó má wálé wá kó gàrí. Ní ìsinmi tó kọjá, òun àti àwọn ọ̀rẹ́ rẹ̀ méjì kò wálé tààrà. Ìhà omi ni wọ́n gbà lọ, sí Ìwópin ní ìjọba ìbílẹ̀ Ogun Waterside, sọ́dọ̀ ẹ̀gbọ́n ìyá wa ọkùnrin tí gbogbo ẹbí ń pè ní Bàbá Ìwópin. Fóònù kan, igi tí wọ́n so fóònù náà mọ́, àti kóòtù àtijọ́ bàbá wa ni wọ́n kó dání. Ọjọ́ 4 ni wọ́n lò níbẹ̀. Nígbà tí wọ́n padà dé, wọ́n ti ṣe fíìmù ìṣẹ́jú 11.

Báyìí ni fíìmù náà lọ. Ọkùnrin kan jí ní òwúrọ̀, ó wọ kóòtù, ó gbé báàgì, ó ń lọ síbi iṣẹ́. Àbúrò mi fúnra rẹ̀ ló ṣe ọkùnrin náà. Ó rìn títí ó fi dé etí ọ̀sà. Kò sí ilé-iṣẹ́ kankan níbẹ̀, omi nìkan ló wà. Ó yọ bírò, ó buwọ́ lu ìwé tí kò sí. Ó tẹrí ba, ó ní, “Ẹ káàárọ̀, ọ̀gá,” fún ẹni tí a kò rí. Ó jókòó sórí ọkọ̀ ọlọ́pọ́n kan tí wọ́n dojú rẹ̀ dé, kò ṣe nǹkan kan títí oòrùn fi wọ̀. Ìgbà tó di ìrọ̀lẹ́, ó dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún omi, ó bu díẹ̀ nínú rẹ̀ sínú àpò ìwé, ó fi itọ́ lẹ̀ ẹ́, ó tì í bọ àpò kóòtù. Owó oṣù rẹ̀ nìyẹn. Bí ó ti ń lọ sílé ni omi ń jò sílẹ̀. Nígbà tí yóò fi na àpò ìwé náà sí ìyàwó rẹ̀, ó ti rọ̀ jọwọlọ, kò sí nǹkan nínú rẹ̀. Ìyàwó náà gbà á, ó sì dúpẹ́. Fíìmù parí.

Ọjọ́ Àìkú kan ni gbogbo wa pé jọ ní pálọ̀ láti wò ó. Bàbá Ìwópin náà wà níbẹ̀, ó wá kí wa. Ìyá mi wò ó tán, ó yíjú sí ọmọ rẹ̀: “Ọmọ mi, ṣé kò sí nǹkan kan tó ń ṣe ọ́?” Bàbá mi ní òun kò rí orí rẹ̀, òun kò rí ìdí rẹ̀. Bàbá Ìwópin ló ń rẹ́rìn-ín láti ìbẹ̀rẹ̀, nítorí pé òun ló yá wọn ní ọkọ̀ tí wọ́n dojú dé. Ṣùgbọ́n nígbà tí eré dé ibi àpò ìwé, ẹ̀rín náà dákẹ́. Lẹ́yìn ìgbà díẹ̀ ó ní, “Bí wọ́n ṣe san tèmi náà nìyẹn.”

Ó ju ogún ọdún lọ tí Bàbá fi ṣiṣẹ́ ní ilé-iṣẹ́ aṣọ kan ní Ìkẹjà. Lọ́jọ́ kan wọ́n débi iṣẹ́, wọ́n bá àgádágodo lẹ́nu ọ̀nà. Owó ìfẹ̀yìntì tí wọ́n ṣèlérí kò wá títí di òní. Àwa ọmọ kò gbọ́ ọ lẹ́nu rẹ̀ rí kí fíìmù yẹn tó mú un jáde. Pálọ̀ pa lọ́lọ́.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti wá di ti ìdílé ni èyí: àbúrò mi fẹ́ sọ ìṣẹ́jú 11 náà di fíìmù wákàtí kan. Ó fẹ́ kí ìyá wa dúró fún òun ní ẹgbẹ́ aláfọwọ́sowọ́pọ̀ àwọn obìnrin ọjà, kí òun lè yá mílíọ̀nù kan àti ààbọ̀ náírà. Bí kò bá rí i san, ìyá wa ni yóò san án, nínú owó ìsọ̀ rẹ̀. Bàbá mi pè mí sí kọ̀rọ̀. Ó ní, “Ìwọ tí o ka ìwé Yorùbá, bá mi wò ó. Ǹjẹ́ ẹnikẹ́ni ti jẹun rí nídìí irú eré tí kò lórí kò nídìí báyìí?”

Ṣé eré wa ni?

Kí n tó dé orí owó, mo ní láti kọ́kọ́ dáhùn ìbéèrè mìíràn tí bàbá mi kò bi mí, ṣùgbọ́n tó wà lójú rẹ̀: ṣé irú eré yìí kì í ṣe àṣà àjòjì tí àwọn ọmọ yunifásítì kó wálé?

Lóòótọ́, Yúróòpù ní tirẹ̀. Ní Paris ni wọ́n ti ṣe eré Ionesco àkọ́kọ́ ní 1950, ibẹ̀ náà ni wọ́n ti kọ́kọ́ ṣe eré Beckett nípa àwọn méjì tó ń dúró de ẹni tí kò dé ní 1953. Ní 1961 ni Martin Esslin kọ ìwé tó fún irú eré bẹ́ẹ̀ lórúkọ. Ogun ńlá ni àwọn ènìyàn yẹn ṣẹ̀ṣẹ̀ ti bọ́. Ayé kò ní ìtumọ̀ lójú wọn mọ́, wọ́n sì ṣe eré tó jọ ọ́.

Ṣùgbọ́n ẹ̀yin náà ẹ wo ilé. Ní 1938 ni ìwé Fágúnwà jáde, tí ọdẹ ń bá iwin wọ̀jà nínú igbó. Ní 1952, Tutùọlá kọ̀wé nípa ọ̀mu tó lọ wá adẹ́mu rẹ̀ tó ti kú lọ sí ìlú àwọn òkú, nítorí pé kò rí ẹni tó lè dá ẹmu fún un mọ́ bí ó ṣe fẹ́. Ní 1963, Kọ́lá Ògúnmọ́lá gbé ìtàn yẹn wá sórí ìtàgé ní Ìbàdàn lédè Yorùbá, ó pè é ní Ọ̀mùtí, òun fúnra rẹ̀ ló sì ṣe ọ̀mu náà. Kí gbogbo wọn tó dé ni alárìnjó ti ń fi agọ̀ yí padà di ẹranko àti àlejò níṣojú ọjà. Ní Ìjẹ̀bú níbí, a ní Agẹmọ tó ń fi ẹní bora. Obìnrin ni mí, èèwọ̀ ni fún mi láti rí i. Àwọn ọkùnrin ilé wa ni wọ́n ń ròyìn bí ẹní náà ṣe ń ga tí ó sì ń kúrú. Ẹni tó dàgbà láàárín irú nǹkan báyìí kò nílò Paris kó tó mọ̀ pé ohun tí kò jọ òótọ́ lè sọ òótọ́.

Ọ̀nà tí Bàbá Sàlá gbà

Olórin ni Moses Ọláìyá kó tó di aláwàdà. Ẹgbẹ́ olórin háíláìfù ni ó dá sílẹ̀, inú ẹgbẹ́ yẹn sì ni ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí a mọ̀ sí Sunny Adé lónìí ti ṣiṣẹ́ kó tó dá tirẹ̀ dúró. Nígbà tó di àárín àwọn ọdún 1960, Ọláìyá ti yíjú sí eré. Ó dá ẹgbẹ́ Aláwàdà sílẹ̀, tẹlifíṣàn Ìbàdàn tí wọ́n dá sílẹ̀ ní 1959 sì gbé ojú rẹ̀ wọ ilé àwọn ènìyàn. Láti ibẹ̀ ni òun àti ẹgbẹ́ rẹ̀ ti ń wọ ọkọ̀ láti ìlú dé ìlú.

Ẹ wo bí ọgbọ́n rẹ̀ ṣe rí. Nígbà yẹn, àwọn ẹgbẹ́ eré ńlá mìíràn ní ìtàn ọba, ìtàn òrìṣà, ìtàn Bíbélì. Hubert Ògúndé, ọmọ Òsóòsà nítòsí Ìjẹ̀bú-Òde, ti fi eré bá ìjọba jà. Dúró Ládipọ̀ ti sọ Ṣàngó di ohun tí ayé ń wò. Ọláìyá mú àwàdà tí àwọn mìíràn ń fi ṣe àfikún láàárín eré, ó sọ ọ́ di odidi oúnjẹ. Ohun tí ó ń ṣe lójoojúmọ́ ni pé kó mú ohun kan tí gbogbo wa ń bọ̀wọ̀ fún, kí ó sì sọ ọ́ di ńlá kọjá ààlà títí a ó fi rí i pé òfo ni. Olówó fẹ́ràn aago ọwọ́. Òun so ti ògiri. Ọ̀mọ̀wé fẹ́ràn awò ojú. Òun wọ èyí tí kò ní gíláàsì, ó sì ń fi ìka kan ojú ara rẹ̀ láti inú rẹ̀. Ẹ̀rín ni a ń rín, ṣùgbọ́n ara wa ni ó ń fi hàn wá.

Ní 1982 ni ó ṣe fíìmù rẹ̀ àkọ́kọ́, Ọ̀run Móoru. Ọlá Balógun ló darí rẹ̀. Ọkùnrin yìí kẹ́kọ̀ọ́ fíìmù ní Paris; fíìmù gígùn rẹ̀ àkọ́kọ́, Alpha, tó jáde ní 1972, kò jọ fíìmù tí àwọn òǹwòran wa mọ̀. Òun náà ló sì darí Àjàní Ògún ní 1976, fíìmù àgbéléwò ńlá àkọ́kọ́ lédè Yorùbá. Nítorí náà, ẹni tó ń dán ọ̀nà tuntun wò ni ó pàdé ẹni tí ó mọ bí wọ́n ṣe ń pa ará ọjà lẹ́rìn-ín.

Ìtàn Lámídì ni wọ́n sọ, ọkùnrin tó lówó rí kí oníjìbìtì tó gba gbogbo rẹ̀ lọ́wọ́ rẹ̀. Ìyà mú un títí ó fi bẹ́ sínú omi kó lè kú. Ó dé ìlú àwọn òkú, wọ́n ní kò ì tíì kàn án, wọ́n lé e padà. Ẹ gbọ́ ọ̀rọ̀: ayé kò gbà á, ọ̀run náà kò gbà á! Wọ́n fún un ní ẹyin tó ń mú ọrọ̀ wá, ó di olówó lẹ́ẹ̀kan sí i, ọrọ̀ náà kò sì pẹ́ lọ títí. Àwọn ọdún tí owó epo rọ̀bì ń sọ àwọn kan di olówó òjijì ni fíìmù yìí jáde. Kò dárúkọ ìjọba, kò dárúkọ epo. Ẹyin ni ó fọ́ níṣojú wa, ẹni tó sì mọ̀ ọ́n mọ̀ ọ́n.

Ibi tí oúnjẹ ti bọ́

Fíìmù ìgbà yẹn kì í ṣe ohun tí fóònù lè ṣe. Wọ́n ní láti ra fíìmù inú kámẹ́rà, wọ́n ní láti fi í ránṣẹ́ sí òkè òkun kí wọ́n tó lè fọ̀ ọ́, kí wọ́n tó wá tẹ ẹ̀dà tí wọn yóò máa gbé kiri pẹ̀lú ẹ̀rọ. Owó gọbọi ni, Bàbá Sàlá sì yá nínú rẹ̀. Ọ̀nà kan ṣoṣo tí owó náà lè gbà padà ni ẹnu ọ̀nà gbọ̀ngàn: kí òǹwòran san owó, kó wọlé, kó jókòó níwájú ẹ̀dà kan náà tó ń ti ìlú kan bọ́ sí òmíràn. Ẹni tó bá di ẹ̀dà mú ló di owó mú.

Fídíò kásẹ́ẹ̀tì sì ti dé nígbà náà. Àwọn kan da Ọ̀run Móoru kọ láìgbàṣẹ, wọ́n sì ń tà á, wọ́n ń fi í háyà, kí ẹni tó ni ín tó rí owó rẹ̀ kó jọ. Ta ni yóò tún san owó ní gbọ̀ngàn nígbà tí ó lè wò ó lórí àga nínú ilé? Gbèsè wọlé tọ Bàbá Sàlá. Ó ṣe fíìmù mìíràn lẹ́yìn rẹ̀, Àárẹ̀ Àgbáyé àti Mosebọ́látán, ṣùgbọ́n àdánù ti àkọ́kọ́ yẹn tẹ̀ lé e títí dọjọ́ ogbó. Ẹni tó ṣe eré nípa ọkùnrin tí oníjìbìtì sọ di aláìní, oníjìbìtì sọ òun náà di onígbèsè.

Ibí ni mo ti rí èsì tí mo gbé lọ bá bàbá mi. Àwọn ènìyàn máa ń sọ pé irú eré yìí kì í mówó wọlé nítorí pé kò yé ará ìlú. Ìtàn Bàbá Sàlá fi hàn pé ó yé wọn. Ó fi jẹun bí ogún ọdún, ó fi bọ́ ẹgbẹ́, wọ́n sì fẹ́ràn fíìmù náà débi pé wọ́n jí i. A kì í jí ohun tí ẹnikẹ́ni kò fẹ́. Òfin wà nígbà yẹn, òfin ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọwọ́ ti 1970, ṣùgbọ́n kò lágbára tó láti lé olè inú ọjà. Òmíràn dé ní 1988. Èyí tí a ń lò nísinsìnyí, ti 2022, tí Ààrẹ buwọ́ lù ní oṣù kẹta ọdún 2023, ló wá sọ̀rọ̀ nípa orí íntánẹ́ẹ̀tì ní pàtó.

Àwọn tó fi ojú pamọ́

Bàbá Sàlá nìkan kọ́ ni irú rẹ̀. Ní Amẹ́ríkà, Buster Keaton jẹ́ aláwàdà tí òun náà kì í rẹ́rìn-ín nínú fíìmù. Ní àwọn ọdún 1920 ó ń ṣe fíìmù bó ṣe wù ú. Ní 1928 ó wọ ilé-iṣẹ́ MGM, àṣẹ lórí iṣẹ́ ara rẹ̀ bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀, òkìkí rẹ̀ sì wọmi. Nígbà tó di arúgbó, ní 1964, Beckett tí mo dárúkọ lẹ́ẹ̀kan ní kó wá ṣe fíìmù kékeré kan ní New York. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ jẹ́ pé ẹ̀yìn rẹ̀ nìkan ni kámẹ́rà ń yà títí fíìmù fi fẹ́ parí. Ẹni tí gbogbo ayé mọ ojú rẹ̀ gbà láti fi ojú náà pamọ́. Ní 1966 ó kú.

Nílé níbí, ní 2019, Abba Makama ṣe The Lost Okoroshi, fíìmù nípa ọlọ́dẹ kan ní Èkó tó jí lówùúrọ̀ ọjọ́ kan tó rí i pé òun ti di eégún. Ṣeun Àjàyí ló ṣe ọlọ́dẹ náà. Ẹ ro ohun tí iṣẹ́ yẹn gbà: òṣèré tí ojú rẹ̀ wà lábẹ́ ẹ̀kú, tí gbogbo ìbànújẹ́ àti ayọ̀ rẹ̀ ní láti gba èjìká àti ẹsẹ̀ jáde. Fíìmù náà dé àjọ̀dún Toronto lọ́dún yẹn. Makama àti àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ méjì, C. J. Obasi àti Michael Omonua, ló wà nínú ẹgbẹ́ Surreal16, wọ́n sì ti ń ṣe àjọ̀dún fíìmù tiwọn ní Èkó láti 2021. Àjàyí kò fi irú eré yìí nìkan jẹun; ó wà nínú fíìmù mìíràn tí ọjà mọ̀, bí Ojúkòkòrò ti 2016. Mo kọ ìyẹn sílẹ̀ fún àbúrò mi pẹ̀lú.

Ohun tí a fẹnu kò sí

Mo gbé gbogbo rẹ̀ ka iwájú ìdílé. Mo ní fún bàbá mi pé, “Bẹ́ẹ̀ ni sà, ẹnìkan jẹun nídìí rẹ̀, ó sì jẹun dáadáa. Àwọn tó gba àwo lọ́wọ́ rẹ̀ ni ẹ jẹ́ ká máa ṣọ́.” Mo ní fún àbúrò mi pé Bàbá Sàlá ti lo bí ogún ọdún lójú òǹwòran kó tó yá owó ṣe fíìmù, òun kò tíì lo ọdún mẹ́rin. Ẹnu rẹ̀ ṣù, ó ní, “Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé kí n dúró dìgbà tí mo bá hewú ni?” Bàbá Ìwópin ló dá a lóhùn pé kò sẹ́ni tó ní kó dúró, kó kàn má fi ìsọ̀ ìyá rẹ̀ dúró fún gbèsè tí kò tíì mọ bí yóò ṣe san.

Ìyá mi ló sọ èyí tó parí ọ̀rọ̀. Ó ní òun yóò dúró fún ẹgbẹ̀rún 500 náírà, kò ní ju bẹ́ẹ̀ lọ. Fíìmù náà yóò jẹ́ ìṣẹ́jú 25 dípò wákàtí kan. Kí ẹnikẹ́ni tó ya nǹkan kan, kí wọ́n kọ ọ́ sílẹ̀, kí gbogbo wọn sì buwọ́ lù ú: ta ló ni fíìmù, ta ni yóò máa tọ́jú ẹ̀dà rẹ̀, báwo ni wọ́n ṣe máa pín owó. Kí àbúrò mi fi iṣẹ́ náà lọ ìwé ní Àjọ tó ń bójú tó ẹ̀tọ́ oníṣẹ́ ọwọ́ ní Nàìjíríà. Kò gbọdọ̀ fi odidi fíìmù ránṣẹ́ sí ẹnikẹ́ni lórí WhatsApp, ìbáà jẹ́ ọ̀rẹ́, ìbáà jẹ́ ẹbí. Obìnrin tí kò rí orí àti ìdí fíìmù náà ni ó mọ ibi tí owó rẹ̀ lè gbà sá lọ, nítorí pé ó ti ń tajà láti ọgbọ̀n ọdún.

Àbúrò mi gbà. Àárín ọ̀gbẹlẹ̀ ni wọn yóò padà sí Ìwópin. Bàbá Ìwópin ti ní òun kò ní yá wọn ní ọkọ̀ nìkan mọ́. Òun fẹ́ ṣe ọ̀gá tí a kò rí, kí a kàn máa gbọ́ ohùn òun láti inú omi.

Ẹ̀yin òǹkàwé mi, bí irú ọmọ bẹ́ẹ̀ bá wà nílé yín, tó ń ṣe ohun tí kò lórí tí kò nídìí lójú yín, ẹ fara balẹ̀ wò ó títí dé òpin, pàápàá bí àgbàlagbà kan nínú ilé bá dákẹ́ nígbà tí ẹ ń wò ó. Lẹ́yìn náà, kí ẹ tó bi í pé kí ni ìtumọ̀ rẹ̀, ẹ bi í pé ta ló di ẹ̀dà rẹ̀ mú.